Ilé Làbọ̀ Sinmi Oko: Ìrìnàjò Láńgbòdó àti Ìbéèrè Ìlera ní Mazamaza

Ìfáárà

Ẹni tí ó bá dúró ní Mazamaza ní ìdájí yóò mọ ìdí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń sọ pé àwọn yóò fi Èkó sílẹ̀. Kí ilẹ̀ tó mọ́, àwọn ọkọ̀ tí ń lọ sí ìlà-oòrùn Nàìjíríà, àwọn tí ń lọ sí Badagry àti ẹnubodè Sẹ̀mẹ̀, àti àwọn ọkọ̀ akẹ́rù tí ń wá ọ̀nà dé èbúté Àpápá ti dí ojú pópó. Fèrè ọkọ̀, igbe àwọn agbèrò, èéfín dísù àti ariwo jẹnẹrétọ̀ yóò ti dàpọ̀ mọ́ra wọn. Òṣìṣẹ́ tí ń gbé ní Festac tàbí ní Àgbójù ti jí ní aago mẹ́rin. Bí yóò bá fi padà wọlé lálẹ́, àwọn ọmọ rẹ̀ yóò ti sùn. Ní irú àyíká báyìí, ìmọ̀ràn kan ni ó wọ́pọ̀ jù lẹ́nu tọmọdé tàgbà: fi Èkó sílẹ̀, wá abúlé kan lọ, kí o lè mí atẹ́gùn tí ó mọ́, kí ara rẹ lè le.

Òótọ́ wà nínú ìmọ̀ràn yìí. Àwọn onímọ̀ ìṣègùn ti fi yé wa pé ariwo ọkọ̀ tí kò dáwọ́ dúró a máa da oorun rú, ó sì wà lára ohun tí ń dá kún ẹ̀jẹ̀ ríru. Èéfín ọkọ̀ a máa ba ẹ̀dọ̀fóró àti ọkàn jẹ́. A kò bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí èyí. Ohun tí ó kan lámèyítọ́ ni ìtàn tí a fi ń gbé òótọ́ náà kiri. Bí a bá ní kí ènìyàn fi ìlú sílẹ̀ lọ sínú igbó kí ara rẹ̀ lè yá, ìtàn ni a ń sọ. Ẹ̀dá-ìtàn kan ṣoṣo ni ó wà nínú rẹ̀. Ibùdó ìtàn rẹ̀ jẹ́ méjì, ọ̀kan burú, èkejì dára. Àlọ wà nínú rẹ̀, kò sí àbọ̀. Ǹjẹ́ irú ìtàn bẹ́ẹ̀ ni lítíréṣọ̀ wa ń sọ fún wa? Bí kò bá jẹ́ òun, èwo ni ó ń sọ?

Láti dáhùn ìbéèrè yìí, a ó yẹ òwe kan wò, a ó sì tún ìrìnàjò Òkè Láńgbòdó kà nínú Ògbójú Ọdẹ Nínú Igbó Irúnmalẹ̀, ìwé D. O. Fágúnwà tí ó jáde ní 1938. A ó tọ ìtàn náà dé ọdún 1977, nígbà tí ó di eré orí ìtàgé ní àjọ̀dún tí ó bí ìlú Festac, lẹ́yìn náà a ó fi ohun tí ó ṣẹlẹ̀ ní Aro, ní Abẹ́òkúta, dán an wò. Èrò wa ni pé nínú àwọn iṣẹ́ wọ̀nyí, àbọ̀ ni ìlera wà. Ènìyàn a lọ sí igbó tàbí oko nítorí ohun kan, a bá ẹlòmíràn lọ, a sì mú ohun náà padà wálé. Ohun tí ó sọnù lọ́wọ́ ará Mazamaza ju igi àti ewéko lọ: ilé tí ó tó bọ̀ sí ni ó sọnù.

Òwe kan àti ibi tí ó gbé ìsinmi sí

Ilé làbọ̀ sinmi oko. Gbogbo wa ni a mọ òwe yìí, a sì máa ń pa á nígbà tí ènìyàn bá ti ìrìnàjò dé. Ẹ jẹ́ kí a wo bí ó ṣe pín ayé. Oko ni ibi iṣẹ́, òógùn àti oòrùn. Ilé ni ibi ìsinmi. Ìmọ̀ràn òde òní yí òwe náà po: ó sọ ìlú di ibi làálàá, ó sì sọ oko di ibi ìsinmi. Bẹ́ẹ̀, oko kò yí padà tó bẹ́ẹ̀. Àgbẹ̀ ṣì ń fi ọkọ́ àti àdá ṣiṣẹ́. Ejò àti ẹ̀fọn ṣì wà níbẹ̀. Ilé ni ó yí padà. Ilé tí ènìyàn ń fi sílẹ̀ ní òkùnkùn, tí ó ń padà sí ní òkùnkùn, tí ariwo kò sì jẹ́ kí ó sùn nínú rẹ̀, kò ṣe iṣẹ́ ilé mọ́. Ó ti di ahéré tí a kàn ń fẹ̀yìn lélẹ̀ sí láàárín iṣẹ́ àná àti iṣẹ́ ọ̀la.

Bí àwọn ìlú Yorùbá ṣe rí láyé àtijọ́ ti òwe yìí lẹ́yìn. Ní Ìbàdàn, ní Ògbómọ̀ṣọ́ tàbí ní Ìwó, ará ìlú náà ni àgbẹ̀. Ó ní agbo ilé ní ìlú, ó ní abà lóko. Bí oko bá jìnnà, ó lè lo ọjọ́ mélòó kan ní abà kí ó tó padà wálé fún ọjà, fún ìpàdé ẹbí, fún ìsìn tàbí fún ọdún. Ẹnì kan náà ni ará oko àti ará ìlú. Ọjọ́ ni ó fi ń pààrọ̀ wọn. Nítorí náà ni orúkọ náà, ará oko, fi jẹ́ èébú lẹ́nu Yorùbá. Ẹni tí a ń bú kì í ṣe ẹni tí ó ní oko, nítorí gbogbo ènìyàn ni ó ní in. Ẹni tí ó lọ sí oko tí kò bọ̀ wálé, tí kò mọ ohun tí ń lọ láàárín àwọn ènìyàn rẹ̀ mọ́, ni a ń bú.

Èdè wa tún jẹ́rìí sí i. Yorùbá ní oko, ìgbẹ́, igbó, ẹgàn, ọ̀dàn àti aginjù, ọ̀kọ̀ọ̀kan pẹ̀lú ìwà tirẹ̀. Kò sí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tí ó kó gbogbo wọn jọ tí ó wá fi ènìyàn sí òdìkejì; bí a bá pe ìṣẹ̀dá, ènìyàn wà nínú rẹ̀. Ẹ fi èyí wé àṣà tí iléeṣẹ́ ìjọba tí ń bójú tó igbó ní Jàpáànù sọ lórúkọ ní 1982, èyí tí wọ́n ń pè ní shinrin-yoku. Ìtumọ̀ rẹ̀ ni pé kí ènìyàn wọ inú igbó lọ, kí ó jẹ́ kí igbó wẹ̀ ẹ́, láì ṣe iṣẹ́, láì kó ohunkóhun bọ̀. Àṣà tí ó dára ni, ìwádìí sì ti fi hàn pé ó lè dín wàhálà ọkàn kù. Ṣùgbọ́n bí a bá sọ fún ọdẹ kan nínú ìwé Fágúnwà pé kí ó wọ igbó lọ láì gbé ìbọn, láì mọ ọfọ̀, kí ó kàn máa mí, ẹ̀rín ni yóò fi dá wa lóhùn.

Láńgbòdó: igbó tí a lọ, tí a sì bọ̀

Àwọn lámèyítọ́ ti ṣe iṣẹ́ púpọ̀ lórí igbó Fágúnwà. Abíọ́lá Ìrèlé rí i gẹ́gẹ́ bí àwòrán ayé gbogbo, níbi tí ọmọ ènìyàn ti ń bá agbára tí ó ju tirẹ̀ lọ wọ̀jà. Ayọ̀ Bámgbóṣé, nínú ìwé tí ó kọ lórí àwọn ìtàn àròsọ Fágúnwà ní 1974, jẹ́ kí a rí ipò tí ìrìnàjò kó nínú wọn. A gba ti àwọn méjèèjì. Ohun tí a rò pé a kò tíì tẹnu mọ́ tó ni ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín àwọn ìrìnàjò náà.

Ìrìnàjò mẹ́ta ni Àkàrà-oògùn ròyìn fún wa. Méjì àkọ́kọ́ jẹ́ tirẹ̀ nìkan. Ó wọ Igbó Irúnmalẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ọdẹ. Ó pàdé oríṣiríṣi iwin, ó bá Àgbákò olójú mẹ́rìndínlógún wọ̀yá ìjà, ó jìyà, ó sì bọ́. Ohun tí ó rí níbẹ̀ jẹ́ ti ara rẹ̀. Ìrìnàjò kẹta yàtọ̀. Ọba ni ó rán an. Ọba náà gbọ́ pé ohun kan wà tí ọba Òkè Láńgbòdó máa ń fún àwọn ọdẹ tí ó bá dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, èyí tí yóò mú ìrọ̀rùn àti ìdẹ̀rùn bá ìlú bí wọ́n bá gbé e wálé. Àkàrà-oògùn kò dá lọ. Kàkó Oníkùmọ̀-ẹkùn bá a lọ pẹ̀lú agbára rẹ̀, Ìmọ̀dòye bá a lọ pẹ̀lú ọgbọ́n rẹ̀, Olóhùn-iyọ̀ bá a lọ pẹ̀lú orin rẹ̀, àwọn ògbójú mìíràn sì tẹ̀lé wọn.

Bí a bá fẹ́ fi ọ̀rọ̀ kan pe ohun tí ọba yìí ń wá, àlàáfíà ni a ó pè é. Láti inú èdè Lárúbáwá ni ọ̀rọ̀ náà ti wọ èdè wa, ó sì di tiwa débi pé òun ni a fi ń kí ara wa. Nígbà tí a bá béèrè pé ṣé àlàáfíà ni, ara ẹni, ilé ẹni àti ìlú ẹni ni a ń béèrè lẹ́ẹ̀kan náà. A kò ya ìlera ara sọ́tọ̀ kúrò lára ìfọ̀kànbalẹ̀ ìlú. Ìdí nìyí tí ó fi bá ìtàn náà mu pé ọba ni ó fi ọ̀ràn náà ṣe tirẹ̀. Kò ní kí ẹni tí ìlú bá ni lára kó ẹrù rẹ̀ lọ sínú igbó. Àìrójú ìlú jẹ́ ọ̀ràn tí aláṣẹ ìlú gbọ́dọ̀ rán ènìyàn lé lórí, kí ó sì sanwó rẹ̀.

Ẹ̀wẹ̀, igbó tí wọ́n gbà kọjá kò wo ẹnikẹ́ni sàn. Ó dán wọn wò, ó sì ṣe wọ́n léṣe. Níbi tí wọ́n ti gba ẹ̀kọ́ tí ó ṣe kókó, inú ilé ni. Nígbà tí wọ́n dé Òkè Láńgbòdó, ọ̀dọ̀ Ìrágbèje ni ọba ibẹ̀ ní kí wọ́n lọ gbé fún ọjọ́ méje, ní ilé tí ó ní ojúlé méje, àgbàlagbà náà sì ń sọ ìtàn fún wọn lójoojúmọ́. Wọ́n jẹun, wọ́n sùn, wọ́n gbọ́ ọ̀rọ̀ ọgbọ́n, wọ́n rí ẹni tí ó tọ́jú wọn. Bí a bá ń wá ibi tí ara ti tu àwọn ọdẹ wọ̀nyí nínú ìwé náà, ọjọ́ méje yìí ni a ó tọ́ka sí. Ilé tí ó ṣe iṣẹ́ ilé ni wọ́n bá pàdé ní òpin igbó.

Lẹ́yìn náà ni àbọ̀. Kì í ṣe gbogbo àwọn tí ó jáde nílé ni ó padà, Fágúnwà kò sì fi èyí pamọ́. Kódà ìtàn náà fúnra rẹ̀ jẹ́ ohun tí a mú bọ̀ láti inú igbó: ní ilé akọ̀wé ni arúgbó náà ti jókòó tí ó ń sọ ọ́, tí ogunlọ́gọ̀ ènìyàn sì péjọ láti gbọ́. Igbó wúlò fún àwọn olùgbọ́ wọ̀nyí nítorí pé ẹnì kan lọ, ó sì bọ̀.

A lè béèrè bóyá ìwé yìí nìkan ni ó rí bẹ́ẹ̀. Nínú Àdììtú Olódùmarè tí ó jáde ní 1961, òṣì ni ó lé ọmọkùnrin náà wọ igbó. Ó jọ ẹni tí ń sá, ó sì súnmọ́ ẹni tí ìlú sú ní ayé òde òní ju Àkàrà-oògùn lọ. Síbẹ̀, òǹkọ̀wé kò jẹ́ kí ó di ará igbó títí láé. Ó tún mú un padà sáàárín ènìyàn kí ìgbésí ayé rẹ̀ tó ní láárí. Fágúnwà, tí a bí ní Òkè-Igbó ní 1903, mọ igbó dáadáa ju ẹni tí yóò máa fi ojú àlá wò ó.

Láti Òkè Láńgbòdó sí Abúlé Festac

Láti ọjọ́ 15 oṣù Ṣẹ́rẹ́ sí ọjọ́ 12 oṣù Èrèlé ọdún 1977, àwọn ènìyàn dúdú láti orílẹ̀-èdè tí ó ju 50 lọ péjọ sí Nàìjíríà fún àjọ̀dún iṣẹ́ ọnà àti àṣà tí gbogbo ayé mọ̀ sí FESTAC '77. Eré orí ìtàgé tí Nàìjíríà gbé kalẹ̀ ní orúkọ ara rẹ̀ ni Láńgbòdó, tí Wálé Ògúnyẹmí kọ láti inú ìwé Fágúnwà, tí Dàpọ̀ Adélugbà sì jẹ́ olùdarí rẹ̀. Nínú gbogbo ìtàn tí orílẹ̀-èdè yìí lè fi han ayé, ìtàn àwọn ọdẹ tí wọ́n wọ igbó lọ nítorí ire ìlú ni a yàn.

Níbo ni àwọn òṣèré, akọrin àti oníjó àjọ̀dún náà sùn sí? Ilé tí ìjọba àpapọ̀ kọ́ fún wọn ni, lórí ilẹ̀ àwọn Àwórì ní Àmùwò-Ọ̀dọ̀fin. Orúkọ tí a kọ́kọ́ fún ibẹ̀ ni Festac Village, ìyẹn Abúlé Festac. A fi nọ́ńbà pe àwọn ọ̀nà gbòòrò ibẹ̀, a ṣètò omi, a sì fi àlàfo sílẹ̀ láàárín ilé àti ilé. Lẹ́yìn àjọ̀dún, ìjọba pín àwọn ilé náà fún àwọn ará ìlú, abúlé sì di ìlú: Festac Town ni gbogbo ènìyàn ń pè é lónìí. Lójú wa, orúkọ méjèèjì yìí yẹ ní kíkà bí a ṣe ń ka ìwé. Ẹni tí ó kọ́kọ́ sọ ibẹ̀ lórúkọ fẹ́ kí abúlé kan wà nínú Èkó, ibi tí àlejò yóò ti sinmi lẹ́yìn ariwo àjọ̀dún. Ó ṣe é ṣe láti kọ́ irú ibẹ̀. A kọ́ ọ ní tòótọ́. Ohun tí ó ṣòro ni láti dá a sí. Ọ̀pọ̀ àlàfo ni ilé àti ṣọ́ọ̀bù ti gbà, ọ̀nà márosẹ̀ Èkó sí Badagry tí ó gba ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ kọjá sì ti di ibi tí Mazamaza ń fi ariwo ránṣẹ́ sí i tọ̀sán-tòru.

Olórin kan ti kíyè sí ọ̀ràn yìí kí àjọ̀dún náà tó dé. Fẹlá gbé orin Èkó Ilé jáde nínú àwo Afrodisiac ní 1973. Àkọlé orin náà nìkan tó láti fi hàn pé fún un, Èkó ni ilé tí ènìyàn ń bọ̀ sí. Ẹnì kan náà ni ó kọ Go Slow, níbi tí ọkọ̀ ti há ènìyàn mọ́ níwájú, lẹ́yìn, lọ́tùn-ún àti lósì, tí ojú ọ̀nà wá dà bí ẹ̀wọ̀n. Kò sí àtakò láàárín orin méjèèjì bí a bá fi òwe wa kà wọ́n. Èkó jẹ́ ilé. Ọ̀nà ilé ni ó dí. Ẹni tí ó há sínú ọkọ̀ ní Mazamaza ní aago mẹ́jọ alẹ́ kò sọ pé òun kò fẹ́ ilé òun. Ó fẹ́ dé ibẹ̀.

Aro: abúlé tí a fi ṣe ìwòsàn

Ẹnì kan lè sọ pé ìtàn àròsọ, òwe àti orin kò tó ẹ̀rí lórí ọ̀ràn ìlera. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ ni a fẹ́ mú lọ sí Abẹ́òkúta. Ní 1954, Dókítà Adéoyè Lámbò, ọmọ Abẹ́òkúta tí a bí ní 1923, bẹ̀rẹ̀ ètò kan ní ilé ìwòsàn àrùn ọpọlọ ní Aro. Dípò kí ó ti àwọn aláìsàn mọ́ inú ọgbà, ó ní kí wọ́n máa gbé ní àwọn abúlé tí ó wà nítòsí, láàárín àwọn àgbẹ̀. Wọn a máa lọ gba ìtọ́jú ní ilé ìwòsàn, wọn a sì padà sí abúlé, wọn a máa ṣe iṣẹ́ oko bí agbára wọn bá ṣe mọ. Ètò náà béèrè pé kí ìbátan kan bá aláìsàn wá: ìyá, ẹ̀gbọ́n, ọkọ tàbí aya, tí yóò máa se oúnjẹ fún un, tí yóò sì máa wà pẹ̀lú rẹ̀. Lámbò tún gbà kí àwọn oníṣègùn ìbílẹ̀ dá sí iṣẹ́ náà. Aro di ibi tí àwọn onímọ̀ ìṣègùn láti ilẹ̀ òkèèrè ń wá wò, Lámbò fúnra rẹ̀ sì di igbákejì olùdarí àgbà Àjọ Ìlera Àgbáyé kí ó tó fẹ̀yìn tì. Ó di olóògbé ní 2004.

Bí a bá gbé ètò Aro ka ẹ̀gbẹ́ ìrìnàjò Láńgbòdó, ìjọra wọn yani lẹ́nu. Ẹni tí ó jáde nílé kò dá jáde. Iṣẹ́ wà tí ó ń ṣe níbi tí ó lọ. Ilé kan gbà á, àwọn ènìyàn sì ń bá a sọ̀rọ̀. Ọjọ́ àbọ̀ wà lọ́kàn gbogbo wọn láti ìbẹ̀rẹ̀. Nítorí àbọ̀ yìí gan-an ni ìbátan fi gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀, kí okùn tí ó so aláìsàn mọ́ ilé má bàa já. Atẹ́gùn abúlé wà lára oògùn náà, ṣùgbọ́n kì í ṣe òun nìkan ni oògùn. Ẹni tí ó bá gbé aláìsàn láti Mazamaza lọ sí abúlé tí kò ti mọ ẹnikẹ́ni, tí kò ní iṣẹ́, tí ilé ìwòsàn sì jìnnà sí, ti mú ìdá kan nínú ètò Lámbò, ó ti sọ ìyókù nù.

Àtakò kan àti igbó tí ó wà lẹ́nu ìlú

A kò gbọdọ̀ fi àpẹẹrẹ tí kò bá wa lára mu pamọ́. Susanne Wenger, ayàwòrán ọmọ ilẹ̀ Austria, dé Ìbàdàn ní 1950. Ikọ́ ẹ̀gbẹ dá a gúnlẹ̀ láìpẹ́ sí ìgbà náà. Nígbà tí ó gbádùn, kò padà sí ìgbé-ayé àwọn òyìnbó ilé ẹ̀kọ́ gíga mọ́. Ó lọ sí Ẹdẹ, ó lọ sí Ìlobùú, ó sì fìdí kalẹ̀ sí Òṣogbo, níbi tí ó wà títí ó fi kú ní 2009. Ìtàn ẹni tí ó lọ tí kò bọ̀ nìyí, ó sì rí ìyè níbẹ̀. Ṣé kò já èrò wa nírọ́?

Ó dín agbára rẹ̀ kù. Ó fi hàn pé ẹnì kan lè rí ilé tuntun níbi tí ó lọ. Ṣùgbọ́n kí ni ó ṣe níbẹ̀? Ó wọ agbo àwọn olórìṣà, ó gba orúkọ láàárín wọn, ó sì fi ọ̀pọ̀ ọdún bá àwọn oníṣẹ́ ọnà Òṣogbo tún ojúbọ ṣe, kí igbó Ọ̀ṣun má bàa di ilẹ̀ tí a gé igi rẹ̀ tà. Ilé, iṣẹ́ àti ẹgbẹ́ ni ó rí. Igbó tí ó fi ayé rẹ̀ dáàbò bò náà tún kọ́ wa ní ohun mìíràn. Kò jìnnà sí ìlú. Ẹnu ìlú Òṣogbo ni ó wà, bí hẹ́kítà 75. Àjọ UNESCO fi í sínú àkọsílẹ̀ ogún àgbáyé ní 2005. Láyé àtijọ́, irú igbó bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ lẹ́bàá àwọn ìlú Yorùbá: igbó òrìṣà, igbó orò, igbó ọba. Ìlú kò lé igbó jìnnà, bẹ́ẹ̀ ni kò fi igbó sílẹ̀ fún ẹni tí ó lówó ọkọ̀ láti lọ wò ó. Ó fi èèwọ̀ ṣọ́ ọ, ó sì jẹ́ ti gbogbo ènìyàn.

Ìkádìí

Ohun tí àtúnkà yìí mú jáde ní ipa lórí bí a ṣe ń dá ara wa nímọ̀ràn. Ìtàn tí ó ní kí ẹnì kọ̀ọ̀kan sá kúrò ní Èkó a máa dùn létí ẹni tí ó ní ilẹ̀ ní ìlú rẹ̀, tí owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ ń wọlé tàbí tí ó lè fi kọ̀ǹpútà ṣiṣẹ́ láti ibikíbi. Awakọ̀ tí ń na Mazamaza sí Badagry, obìnrin tí ń ta búrẹ́dì àti omi tútù lẹ́nu ibùdókọ̀, òṣìṣẹ́ tí ń ṣọ́ ẹrù ní ọjà ẹ̀gbẹ́ márosẹ̀, ibi tí wọ́n ti ń rí oúnjẹ òòjọ́ ni ibi tí ń dá wọn lágara. Bí a bá sọ fún wọn pé ìlera wà nínú igbó, ohun tí a ń sọ fún wọn ni pé àìlera wọn jẹ́ ẹ̀bi wọn nítorí pé wọn kò lọ. Fágúnwà kò sọ bẹ́ẹ̀. Ọba inú ìwé rẹ̀ gbà pé òun ni ó yẹ kí òun wá àlàáfíà wálé fún àwọn ènìyàn òun.

Nítorí náà, ìbéèrè tí lítíréṣọ̀ wa gbé ka iwájú àwọn aláṣẹ Èkó àti ti Àmùwò-Ọ̀dọ̀fin ṣe kedere: kí ni ẹ mú bọ̀ wálé? Ọkọ̀ ojú irin tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láàárín Marina àti Mile 2 ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 2023 jẹ́ ìdáhùn kan, nítorí wákàtí tí ènìyàn kò lò lójú ọ̀nà jẹ́ wákàtí tí ó lò nílé. Ó ku kí ó na ọwọ́ kọjá Mile 2 dé Òkókómaikò gẹ́gẹ́ bí ètò rẹ̀. Igi tí a kò gé, àlàfo Festac tí a kò tà, òru tí fèrè ọkọ̀ kò gbà lọ́wọ́ olóorun, àwọn yẹn náà jẹ́ ìdáhùn. Bí wọ́n bá wà, ẹni tí ó fẹ́ lọ sí abúlé yóò lọ nítorí pé ó wù ú. Ẹni tí ó bá dúró kò ní jẹ̀bi ìdúró rẹ̀.

Ó ku iṣẹ́ fún àwa lámèyítọ́ náà. A ti ka àlọ àwọn akọni Fágúnwà lákàtúnkà. Ó yẹ kí a ka àbọ̀ wọn bẹ́ẹ̀, nínú àwọn ìwé rẹ̀ yòókù àti nínú ìtàn àròsọ àwọn òǹkọ̀wé tí wọ́n kọ́ wa ní bí ìlú ṣe rí. Ẹ wo Mazamaza ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ Jímọ̀. Àwọn kan ń gbé báàgì wọ ọkọ̀ lọ sí ìlú wọn fún ìsìnkú, fún ìgbéyàwó tàbí láti lọ rí ìyá wọn. Ní ọjọ́ Àìkú tàbí ní ìdájí ọjọ́ Ajé, a ó tún rí wọn tí wọn ń sọ̀ kalẹ̀ pẹ̀lú iṣu, ọ̀gẹ̀dẹ̀ àti ewé tí wọn kó bọ̀. Wọn kò fi Èkó sílẹ̀. Ohun tí àgbẹ̀ Ìbàdàn ń ṣe láàárín abà àti agbo ilé ni àwọn náà ń ṣe, àfi pé ọ̀nà wọn gùn jù, ilé tí wọ́n ń bọ̀ sí kò sì tíì sinmi.